Lẹ́tà Ṣíṣí sí Ẹ̀yin Akẹ́kọ̀ọ́ Ìṣègùn ní Oǹdó: "Mà, Kò Sí Nǹkan Tó Ń Ṣe Yín"

Ẹ̀yin ọmọ mi ní Yunifásítì Ìmọ̀ Ìṣègùn, Oǹdó,

Ẹ kú iṣẹ́, ẹ kú àìsùn, ẹ kú ìwé kíkà. Ẹ ò mọ̀ mí. Olùkọ́ èdè Yorùbá ni mí ní ilé ẹ̀kọ́ girama kan ní Àkúrẹ́, ó sì ti di ọdún 27 tí mo ti ń di ṣọ́ọ̀kì mú. Ọdún 2015 ni wọ́n dá yunifásítì yín sílẹ̀. Kó tó dé ni mo ti ń pariwo "ọkọ, ọkọ́, ọkọ̀, ọ̀kọ̀" létí àwọn ọmọ tí oorun ń kùn. Ẹ gbà mí láyè kí n bá yín sọ̀rọ̀ bí ìyá.

Gbólóhùn kan tí wọ́n máa ń sọ fún àwa tí inú ń run, tí àyẹ̀wò kò rí nǹkan kan, ló mú mi kọ lẹ́tà yìí. Ẹ ò tíì máa sọ ọ́ báyìí, ẹ máa tó bẹ̀rẹ̀: "Mà, kò sí nǹkan tó ń ṣe yín."

Ọjọ́bọ̀ kan ni wọ́n sọ ọ́ fún mi, ní ilé ìwòsàn kan tí mi ò ní dárúkọ. Láti aago méje àárọ̀ ni mo ti wà lórí bẹ́ǹṣì. Ọ̀rá dúdú kan wà lọ́wọ́ mi, èsì àyẹ̀wò ọdún mẹ́ta ló kún inú rẹ̀: ti ẹ̀jẹ̀, ti ìtọ̀, ti ìgbẹ́, skáànù ẹ̀ẹ̀mejì, àti ti kámẹ́rà tí wọ́n tì bọ̀ mí lọ́nà ọ̀fun, èyí tí mi ò fẹ́ rántí. Dókítà náà kò ju àkọ́bí mi lọ. Ó tú ìwé náà sórí tábìlì, ó ń ṣí wọn lọ́kọ̀ọ̀kan bí ẹni tó ń ka owó. Nígbà tó parí, ó rẹ́rìn-ín músẹ́. "Mà, ẹ dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run. Kò sí nǹkan tó ń ṣe yín." Ojú rẹ̀ sì ti wà lẹ́nu ọ̀nà, torí èrò ṣì pọ̀ níta.

Mo dúpẹ́. Kí ni ǹ bá tún ṣe? Mo kó ìwé mi padà sínú ọ̀rá, mo wọ kẹ̀kẹ́ Márúwá, ká tó dé Arákalẹ̀ ẹkún ti gbọ̀n mí. Ọmọ tó ń wa kẹ̀kẹ́ bojú wẹ̀yìn, ó ní, "Mọ́mì, ṣé èèyàn yín kú ni?" Mo ní rárá o, wọ́n ní ara mi le ni. Kò tún sọ nǹkan kan mọ́ títí tí mo fi bọ́ sílẹ̀. Gbogbo ìgbà yẹn ni inú mi ń lọ́ bí aṣọ tí wọ́n ń fún omi rẹ̀ dànù.

Ìsìnkú kan ní Oǹdó ló ti bẹ̀rẹ̀. Bóyá omi ni, bóyá ọbẹ̀ tó sùn ni. Ilẹ̀ ọjọ́ kejì kò tíì mọ́ tí ìgbẹ́ gbuuru fi gbé àwa bíi mẹ́wàá. Ti àwọn yòókù tán lọ́jọ́ kẹrin. Tèmi náà dúró lọ́sẹ̀ kejì, àmọ́ inú kò padà sí bó ṣe wà mọ́. Bí mo bá ti jẹun, á wú, á máa kùn bí ìgbà tí òjò bá ń ṣú. Ọ̀sẹ̀ yìí, mo lè lọ ilé ìgbọ̀nsẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹfà lóòjọ́. Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, ọjọ́ mẹ́rin á kọjá, mi ò ní rí nǹkan kan ṣe. Bí mo bá ṣe é tán, ìrora á rọlẹ̀ díẹ̀, á tún gbéra.

Ẹni tó ń rin ọ̀nà Oǹdó sí Àkúrẹ́ mọ Ọ̀wẹnà, níbi tí wọ́n ti ń na ọ̀gẹ̀dẹ̀ sí ojú fèrèsé ọkọ̀. Lọ́jọ́ kan mo bẹ awakọ̀ pé kó sọ̀ mí kalẹ̀ níbẹ̀. Ó ní ọkọ̀ òun kì í dúró lójú ọ̀nà. Mo ní, "Dẹ́rẹ́bà, bí o ò bá dúró, ìwọ lo máa fọ ọkọ̀ yìí." Ó tẹ búréèkì lójú ẹsẹ̀. Mo sáré gba ẹ̀yìn ṣọ́ọ̀bù ìyá kan tó ń ta ọ̀gẹ̀dẹ̀. Obìnrin náà wo ojú mi lẹ́ẹ̀kan, ó bu omi sínú ike, ó nawọ́ sí ilé ìgbọ̀nsẹ̀, kò bi mí ní ìbéèrè kankan. Títí dòní, bí mo bá ń kọjá, mo máa ń ra ọ̀gẹ̀dẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀, bí ti ilé kò tilẹ̀ tíì tán.

Láàárín ọdún mẹ́ta yẹn, ẹ̀ẹ̀márùn-ún ni wọ́n tọ́jú taifọ́ọ̀dù lára mi. Bí ẹ bá fa ewúrẹ́ wọ àwọn ilé àyẹ̀wò kan ládùúgbò wa, ẹ má bínú, wọ́n á bá taifọ́ọ̀dù lára rẹ̀. Ẹ̀yin lẹ mọ̀ ọ́n jù mí lọ pé àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Widal, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo, kì í ṣe ẹ̀rí ní ibi tí taifọ́ọ̀dù ti wọ́pọ̀, torí àwọn ọmọ ogun ara lè ṣẹ́kù nínú ẹ̀jẹ̀ láti ara àìsàn àtijọ́. Àmọ́ ta ló máa sọ fún wa? Oògùn apakòkòrò lórí oògùn apakòkòrò. Lẹ́yìn náà wọ́n ní ọgbẹ́ inú ni. Lẹ́yìn náà, aràn. Ìyá ọkọ mi ní jẹ̀díjẹ̀dí ni, pé ṣúgà ni mo ń jẹ jù, wọ́n sì se àgbo kan tó mú kí n gbàgbé ìrora àtijọ́ torí tuntun. Ní ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n ní kí n gba ààwẹ̀ ọjọ́ mẹ́ta. Lọ́jọ́ kẹta, wọ́n ń gbàdúrà, inú mi ń ṣe àmín.

Dókítà obìnrin kan ló bi mí ní ohun tí ẹnikẹ́ni kò bi mí rí. Kò tíì ṣí ọ̀rá mi. Ó ní, "Mà, kí ló ṣẹlẹ̀ lọ́dún tó bẹ̀rẹ̀?" Mo ròyìn ìsìnkú náà àti ìgbẹ́ gbuuru. Ó ní, "Ta ni wọ́n sin?" Mo ní, "Bàbá mi."

Ó gbé bírò sílẹ̀. Ó jẹ́ kí n sọ̀rọ̀. Kò tó ìṣẹ́jú mẹ́rin tí mo fi sọ ọ́, mo mọ̀, torí aago ńlá kan wà lára ògiri lẹ́yìn rẹ̀.

Lẹ́yìn náà ló ya òbìrí kan sókè ìwé, ó ya ìfun sísàlẹ̀, ó fa ìlà sáàárín wọn. Ó ní lẹ́yìn ìgbẹ́ gbuuru tí kòkòrò àìfojúrí fà, nǹkan bí ẹnì kan nínú mẹ́wàá ni inú rẹ̀ kì í tètè padà bọ̀ sípò, pé ó sì máa ń mú obìnrin ju ọkùnrin lọ, àti ẹni tí ọkàn rẹ̀ ti gbọgbẹ́ kí àìsàn náà tó dé. Ó ní ìfun ní iṣan ìmọ̀lára tirẹ̀, tí sẹ́ẹ̀lì wọn ju 100 mílíọ̀nù lọ. Lọ́dún 1899, Bayliss àti Starling, ará ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì méjì, gé àwọn iṣan tó so ìfun ajá mọ́ ìta, ìfun náà ṣì ń ti ohun tó wà nínú rẹ̀ síwájú fúnra rẹ̀. Iṣan gígùn kan tí wọ́n ń pè ní vagus ló so inú mọ́ orí, nǹkan bí 80 nínú 100 fọ́nrán rẹ̀ ló sì ń gbé ìròyìn láti ìsàlẹ̀ lọ sókè. Èmi ti rò pé orí ló ń pàṣẹ fún inú láti àárọ̀ dalẹ́. Àṣé inú ló ń rojọ́ jù. Kódà èròjà ara kan tó ń jẹ́ serotonin, èyí tí àwọn èèyàn máa ń dárúkọ bí wọ́n bá ń sọ̀rọ̀ ọpọlọ àti ìbànújẹ́, ó lé ní 90 nínú 100 rẹ̀ tó jẹ́ pé inú ìfun la ti ń ṣe é.

Ibi tó dé yìí ni mo ti gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu rẹ̀. Mo ní, "Dókítà, ẹ dúró ná. Ṣé ohun tẹ́ ẹ ń sọ ni pé lẹ́tà pé, àmì ohùn ló yẹ̀?"

Kò kọ́kọ́ yé e. Mo gba bírò, mo kọ ọ̀rọ̀ mi mẹ́rin sílẹ̀ láì fi àmì ohùn sí i. Ẹni tó bá ń ka lẹ́tà nìkan, ọ̀rọ̀ kan náà ni gbogbo wọn. Kò lè mọ èyí tó jẹ́ ti ìyàwó ilé yàtọ̀ sí ti àgbẹ̀, ti awakọ̀ yàtọ̀ sí ti jagunjagun. Kámẹ́rà àti skáànù, lẹ́tà ni wọ́n ń kà. Wọ́n ń wá egbò, wọ́n ń wá kókó, wọ́n ń wá ibi tó wú. Bí wọn ò bá rí i, òótọ́ ni wọ́n sọ. Àmọ́ ìfun mi ránṣẹ́ sókè pé ọkọ̀ ń kọjá, ọpọlọ mi gbọ́ ọ̀kọ̀, ó fi igbe ta. Igbe náà kì í ṣe irọ́. Ẹni tó gbọ́ ọ̀kọ̀ gbọ́dọ̀ sá.

Dókítà náà rẹ́rìn-ín títí. Ó ní àyẹ̀wò kan wà tó jọ ohun tí mo sọ: lọ́dún 1973, oníṣègùn kan tó ń jẹ́ Ritchie fẹ́ bàlúù kékeré nínú ìfun àwọn èèyàn, ìwọ̀n afẹ́fẹ́ tí ara àwọn yòókù gbà láì janpata ni ọ̀pọ̀ nínú àwọn tó ní irú àìsàn tèmi ń pariwo sí. Ìfun wọn kò ní egbò. Etí tó ń gbọ́ ọ ló mú jù.

Orúkọ tí ayé ń fi pe irú àìsàn yìí tẹ́lẹ̀ kàn ń sọ pé iṣẹ́ inú ni kò gún, kì í ṣe ẹ̀yà ara ló bàjẹ́. Lọ́dún 2016, ìgbìmọ̀ onímọ̀ tí wọ́n ń pè ní Rome Foundation yí orúkọ náà padà, wọ́n ní àárín ìfun àti ọpọlọ ni ọ̀rọ̀ ti wọ́. Wọ́n tún fi òǹkà sí i. Fún ẹ̀yà tó mú mi, èyí tí wọ́n ń pè ní irritable bowel syndrome (IBS) ní Gẹ̀ẹ́sì, ìrora inú gbọ́dọ̀ máa wáyé ó kéré tán lọ́jọ́ kan lọ́sẹ̀ láàárín oṣù mẹ́ta, ó ti gbọ́dọ̀ bẹ̀rẹ̀ láti oṣù mẹ́fà sẹ́yìn, ó sì gbọ́dọ̀ bá ó kéré tán méjì nínú mẹ́ta yìí rìn: ìgbẹ́ yíyà ń mú un rọlẹ̀ tàbí ń mú un le sí i, iye ìgbà tí èèyàn ń yàgbẹ́ yí padà, tàbí bí ìgbẹ́ ṣe rí yí padà. Mo gba mẹ́ta nínú mẹ́ta. Ìdánwò tí mo yege jù láyé mi nìyẹn. Mo sì wá mọ̀ pé mi ò dá nìkan wà: nínú ìwádìí ńlá kan tí wọ́n gbé jáde lọ́dún 2021, orílẹ̀-èdè 33, èèyàn tó lé ní 73,000, ó ju 40 nínú 100 àwọn tó dáhùn lórí íntánẹ́ẹ̀tì tó ní ó kéré tán ọ̀kan nínú irú àwọn àìsàn wọ̀nyí.

Ohun tó wá ń dùn mí gẹ́gẹ́ bí olùkọ́ ni pé ọ̀rọ̀ yìí kò ṣàjèjì sí èdè wa. Inú mi dùn, inú ń bí mi, inú mi bàjẹ́, inú fu mí. Ẹ tilẹ̀ tú "ronú" wò: rò àti inú. Iṣẹ́ tá a gbà pé orí ló ń ṣe, inú ló wà nídìí orúkọ rẹ̀. Lọ́dún 1822, ní Amẹ́ríkà, ìbọn ba ọmọkùnrin kan tó ń jẹ́ Alexis St. Martin níkùn. Ó yè, àmọ́ ojú ihò náà kò dí mọ́, ni dókítà William Beaumont bá ń yọjú wo bí oúnjẹ ṣe ń dà nínú rẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún. Nínú ìwé tó gbé jáde lọ́dún 1833, ó kọ ọ́ pé bí ọkùnrin náà bá ń bínú, iṣẹ́ inú rẹ̀ máa ń yí padà. Àwọn baba ńlá wa kò yìnbọn lu ẹnikẹ́ni kí wọ́n tó sọ pé inú ń bí i.

Àmọ́ èdè yìí kan náà la tún fi ń na aláìsàn. "Ìrònú ló ń ṣe ẹ́." Àbúrò bàbá mi obìnrin sọ ọ́ fún mi, ó sọ ọ́ tìfẹ́tìfẹ́: ṣebí àgbàlagbà ló lọ, kí ni mo wá ń ronú sí? Ohun tí etí mi gbọ́ ni pé èmi ni mo ń fi ọwọ́ ara mi lọ́ inú ara mi. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má bá wọn sọ ọ́. Ní Ọsirélíà, wọ́n tọ́pa àwọn èèyàn fún ọdún 12. Àwọn kan wà tí àìbalẹ̀ ọkàn ti kọ́kọ́ wà lára wọn kí inú tó bẹ̀rẹ̀. Àwọn mìíràn, inú ló kọ́kọ́ dà wọ́n láàmú, ọkàn wọn balẹ̀ pẹ̀sẹ̀ nígbà náà. Ẹ̀yìn ìyẹn ni àníyàn tó dé. Ọ̀nà náà ń lọ, ó ń bọ̀. Èmi gan-an, mi ò bẹ̀rù ọkọ̀ wíwọ̀ rí kí ọ̀rọ̀ Ọ̀wẹnà tó ṣẹlẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ti oògùn, torí ibẹ̀ lẹ ti máa ń sọ wá nù. Dókítà mi kọ amitriptyline fún mi, ìwọ̀n kékeré, kí n máa lò ó lálẹ́. Ó ṣàlàyé fún mi pé oògùn ìrẹ̀wẹ̀sì ọkàn ni látijọ́, àmọ́ ìwọ̀n tó fún mi kéré púpọ̀ sí tìyẹn, àti pé ohùn tó ń gòkè láti inú ló ń bá rọlẹ̀. Ó yé mi dáadáa. Mo dé kẹ́míìsì, ọmọbìnrin tó ń ta oògùn wo ìwé, ó wò mí, ó rẹ ohùn sílẹ̀: "Mọ́mì, ta lorí ń dà láàmú nílé yín?" Oṣù méjì ni oògùn yẹn fi wà nínú dúrọ́ọ̀ mi, lábẹ́ ìwé ìgbaradì iṣẹ́, mi ò fọwọ́ kàn án. Nígbà tí mo wá bẹ̀rẹ̀ sí í lò ó, ẹnu mi gbẹ, oorun kùn mí láàárọ̀ fún ọ̀sẹ̀ kan. Nígbà tó fi di ọ̀sẹ̀ karùn-ún, mo jókòó parí ìpàdé olùkọ́ láì dìde. Kì í ṣe gbogbo èèyàn ló máa ń bá lára mu. Àmọ́ lọ́dún 2023, wọ́n gbé ìwádìí kan jáde nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì lórí èèyàn 463 tí ìtọ́jú àkọ́kọ́ kò ràn, fún oṣù mẹ́fà, oògùn yìí sì ṣe dáadáa ju èyí tí kò ní nǹkan kan nínú lọ. Nítorí náà, ẹ sọ fún aláìsàn yín, kó tó kúrò níwájú yín, ohun tí wọ́n máa sọ fún un ní kẹ́míìsì.

Ti oúnjẹ kò le tó bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́. Ìgbà kan wà tó jẹ́ pé ẹ̀kọ nìkan ni mò ń mu, mo gbẹ bí igi ìdáná. Ẹ̀wà ní irú ṣúgà kan tí ara ọmọ èèyàn kò lè dà. Àwọn kòkòrò tó ń gbé inú ìfun ló ń jẹ ẹ́, afẹ́fẹ́ sì ni èrè wọn. Àlùbọ́sà àti wíìtì ní irú rẹ̀. Ní báyìí mo máa ń rẹ ẹ̀wà mọ́jú, mo ń da omi rẹ̀ nù, mo ń jẹ ẹ́ níwọ̀nba. Iyán kò ṣe mí ní nǹkan kan, ọpẹ́ ni, torí mi ò mọ bí ǹ bá ṣe máa ṣàlàyé fún àwọn èèyàn mi. Ti àsun ni ìjà. Ẹni tó bá jẹ àsun Oǹdó rí mọ̀ pé ata ni, ẹran kàn tẹ̀ lé e wá ni. Ata a máa ta iṣan ìrora inú ìfun jí gẹ́gẹ́ bó ṣe ń ta ahọ́n. Ègé méjì ni mo ń jẹ, mo ń wo ìyókù.

Mímí náà ràn mí lọ́wọ́: kí n jókòó, kí n jẹ́ kí ikùn gòkè, kí n sì mí jáde pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, ìṣẹ́jú mẹ́wàá, nínú yàrá àwọn olùkọ́. Àwọn ẹlẹgbẹ́ mi rò pé mò ń gbàdúrà ni. Mi ò tíì tún un ṣe fún wọn.

Ẹ má sì torí lẹ́tà mi fi orúkọ yìí lẹ gbogbo ikùn tó bá wọlé o. Ẹ̀gbọ́n kan ní ṣọ́ọ̀ṣì wa, ọdún méjì ni òun fúnra rẹ̀ fi pe tirẹ̀ ní ìrònú, tó ń rù, tí ìgbẹ́ rẹ̀ ń dúdú bí ọ̀dà. A ti sin ín. Ẹni tó bá ń rù láìgbààwẹ̀, tó ń yàgbẹ́ ẹ̀jẹ̀ tàbí èyí tó dúdú, tí oúnjẹ ń há lọ́fun, tí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ń dínkù, tí ìrora ń jí lójú oorun, tàbí tó ti lé ní 50 ọdún kí inú tó bẹ̀rẹ̀ sí í yọ ọ́ lẹ́nu, ẹ wá lẹ́tà dáadáa kí ẹ tó sọ̀rọ̀ àmì ohùn. Ọgbẹ́ inú gidi náà wà. Dókítà Barry Marshall gbé ife kòkòrò Helicobacter pylori mu lọ́dún 1984 kí ayé lè gbà pé kòkòrò náà ń ba inú jẹ́, òun àti Robin Warren sì gba ẹ̀bùn Nobel lórí iṣẹ́ yìí lọ́dún 2005. Ẹ yẹ kòkòrò náà wò. Ẹ sì bi wá léèrè oògùn ìrora tí à ń rà fún ìbàdí, èyí tó lè dá ọgbẹ́ sí inú náà, torí ọ̀pọ̀ wa kì í kà á mọ́ oògùn.

Ẹ wá kọ́ Yorùbá inú. Mo mọ̀ pé ẹ̀ ń gbọ́ Yorùbá. Èyí tí mò ń wí yàtọ̀. Bí ìyá kan bá ti Ìdànrè wá tó ní inú ń run òun, ẹ má kàn kọ ọ́ sílẹ̀ ní Gẹ̀ẹ́sì kí ẹ kọjá. Ṣé ó ń lọ́ ni? Ṣé ó ń ta? Ṣé ó ń kùn, àbí ó wú? Ṣé oúnjẹ ló ń dúró sí i láyà lẹ́yìn òkèlè mẹ́ta? Ṣé bó bá yàgbẹ́ tán, ó ń ṣe é bíi pé kò tíì parí? Bó bá sì ní jẹ̀díjẹ̀dí ni, ẹ bi í pé èwo nínú rẹ̀: àwọn kan, ìdí yíyọ ni wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀, àwọn kan, ìgbẹ́ ẹ̀jẹ̀, àwọn mìíràn, ohunkóhun tó bá ti tẹ̀ lé ṣúgà.

Bí àyẹ̀wò bá wá mọ́, ohun tí mo fẹ́ kí ẹ sọ dípò gbólóhùn yẹn nìyí: "Mà, mo gbà pé ó ń dùn yín. A ò rí egbò, a ò rí kókó, ìyẹn dára. Ohun tó ń ṣe yín ní orúkọ, ó sì ní ìtọ́jú." Mo fi aago kà á. Kò tó ìdajì ìṣẹ́jú.

Ti orúkọ yẹn ló kù. Mi ò tíì gbọ́ èyí tó dùn létí ní Yorùbá. Èmi ti ń pè é ní "aáwọ̀ inú òun orí" nílé mi, ọkọ mi ní ó dún bí ẹjọ́ kóòtù. Bí ẹ bá rí èyí tó dára ju tèmi lọ, ẹ fi ránṣẹ́. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi àmì ohùn sí i.

Èmi ni,
Olùkọ́ Yorùbá kan, Àkúrẹ́